Porky's: Fíìmù Ẹ̀rín Tó Di Ọ̀rọ̀ Òfin



Nígbà ooru tó kọjá, ọmọ mi ọkùnrin, ọmọ ọdún 15, ra DVD kan ní dọ́là kan lọ́wọ́ àwọn tó ń ta ẹrù àlòkù níwájú ilé wọn, níbí ní Port Credit. Porky's ni. Ìyá rẹ̀ fẹ́ jù ú nù. Mo ní kó ní sùúrù. Ká má parọ́, èmi náà ti wò ó lórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò nígbà tí mo wà ní sẹ́kọ́ńdìrì, a sì ti ilẹ̀kùn pa.

Ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé fíìmù Amẹ́ríkà ni, ṣùgbọ́n owó Kánádà wà nídìí ẹ̀. Bob Clark, ọmọ Amẹ́ríkà tó ń ṣiṣẹ́ ní Kánádà nígbà náà, ló darí ẹ̀. Florida ni wọ́n ti yà á. Ìtàn àwọn ọmọ iléèwé ní 1954 ni. Obìnrin ni wọ́n ń lé kiri, ọ̀rọ̀ àlùfànṣá sì kún ẹnu wọn. Bíi mílíọ̀nù 4 sí 5 dọ́là ni wọ́n fi ṣe é. Nígbà tó gba sinimá kan ní 1982, ó pa ju mílíọ̀nù 100 lọ. Kò sí fíìmù Kánádà tó pa tó o nílé níbí títí di 2006, nígbà tí Bon Cop, Bad Cop kọjá rẹ̀, bí a kò bá ka bí dọ́là ṣe já.

Akáwǹtáǹtì ni mí, ẹ jẹ́ n sọ ti owó díẹ̀. Láàrin àwọn ọdún 1970, ìjọba Kánádà gbà kí ẹni tó bá dá owó sí fíìmù Kánádà yọ gbogbo owó náà, 100%, kúrò nínú owó tó ń wọlé fún un kí wọ́n tó ṣírò owó orí rẹ̀. Ẹni tó ń gba $50,000, tó fi $10,000 sí fíìmù, á san owó orí lórí $40,000 péré. Bí dókítà àti lọ́yà ṣe di olówó fíìmù nìyẹn. Àsìkò yẹn ni Porky's jáde.

Porky's II tẹ̀lé e ní 1983, Porky's Revenge! ní 1985. Kì í ṣe ìdọ̀tí nìkan ló wà níbẹ̀ o. Nínú èkejì, Ku Klux Klan kò fẹ́ kí ọmọ Seminole ṣe Romeo nínú eré Shakespeare, àwọn ọmọ náà sì dójú tì wọ́n. Ọ̀nà tí Porky's là ni American Pie gbà lọ́dún 1999, tó fi bí mẹ́ta mìíràn fún sinimá: 2001, 2003 àti 2012.

Ibi tó ká mi lára rèé. Nínú Porky's, àwọn ọmọkùnrin yọjú wo àwọn ọmọbìnrin níbi tí wọ́n ti ń wẹ̀. Nínú American Pie, wọ́n fi kámẹ́rà kọ̀ǹpútà gbé ọmọbìnrin tó ń bọ́ṣọ sórí íntánẹ́ẹ̀tì láìjẹ́ pé ó mọ̀. Àjèjì lọmọ náà, òun ni wọ́n sì dá padà sílùú rẹ̀! A rẹ́rìn-ín nígbà náà. Ṣùgbọ́n láti 2005, irú yíyọjú bẹ́ẹ̀ ti di ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀daràn ní Kánádà. Láti 2015, pípín àwòrán ìhòhò ẹni láìgba àṣẹ rẹ̀ náà ti di ẹ̀ṣẹ̀. Ìkọ̀ọ̀kan lè gbé èèyàn dé ẹ̀wọ̀n ọdún 5.

Mo ṣàlàyé gbogbo èyí fún ọmọ mi. Ó ní, "Dádì, ṣé ẹ̀yin náà ti wò ó ni?" Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Mo wá bi í pé, "Bó bá jẹ́ àbúrò rẹ obìnrin ni wọ́n yọjú wò bẹ́ẹ̀ ńkọ́?" Kò rẹ́rìn-ín mọ́.

Ẹ̀yin òbí, fóònù wà lọ́wọ́ àwọn ọmọ wa. Ẹ bá wọn sọ ọ́ nílé, kí ọlọ́pàá tó bá wọn sọ ọ́.