Ìràwọ̀ Méjì, Orúkọ Kan: Shooting Stars ti Ìbàdàn àti Étoile Filante ti Lomé

Àwọn àgbà gbà pé orúkọ a máa ro ènìyàn. Bí ọ̀rọ̀ náà bá rí bẹ́ẹ̀ fún ọmọ, ǹjẹ́ ó lè rí bẹ́ẹ̀ fún ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù? Ìlú méjì wà ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà tí èdè ìjọba wọn kò dọ́gba, ṣùgbọ́n orúkọ kan náà ni wọ́n sọ ẹgbẹ́ wọn. Shooting Stars ni ti Ìbàdàn, Étoile Filante ni ti Lomé níbí. Ọ̀kan jẹ́ Gẹ̀ẹ́sì, èkejì jẹ́ Faransé; ìtumọ̀ àwọn méjèèjì ni ìràwọ̀ tí ń fò lójú ọ̀run. Irú ìràwọ̀ bẹ́ẹ̀ a máa tàn yòò, a sì máa pòórá kí ojú tó wò ó tẹ́rùn. Nínú àpilẹ̀kọ yìí, a ó tọpa ìtàn àwọn ẹgbẹ́ méjèèjì, pàápàá ti Ìbàdàn, kí a lè mọ ohun tí ń sọ ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù di ti ìlú, àti ohun tí ń fẹ́ pa ìmọ́lẹ̀ rẹ̀.

Láti ibi iṣẹ́ dé àárín ìlú

Ọ̀pọ̀ àwọn ẹgbẹ́ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí àwọn ọ̀dọ́ wa mọ̀ bí ẹni mowó, ibi iṣẹ́ ni wọ́n ti ṣẹ̀. Ní ọdún 1878, àwọn òṣìṣẹ́ rélùwéè ní Newton Heath dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀. Ní ọdún 1902 ni wọ́n yí orúkọ rẹ̀ padà sí Manchester United. Ní ọdún 1886, àwọn òṣìṣẹ́ ilé ìrọ ohun ìjà ní Woolwich, lápá gúúsù Lọ́ńdọ̀nù, dá èyí tí a mọ̀ lónìí sí Arsenal sílẹ̀. Ní ọdún 1895, àwọn òṣìṣẹ́ ilé ìkan-ọkọ̀ ojú omi Thames Ironworks dá èyí tí ó di West Ham sílẹ̀. Arsenal kó kúrò ní Woolwich ní ọdún 1913, ó kọjá sí àríwá ìlú. Kò sí ẹni tí ń rọ ohun ìjà nínú wọn mọ́, síbẹ̀ àwòrán àgbá ogun ṣì wà ní àyà ẹ̀wù wọn. Iṣẹ́ lọ, ibùgbé yí padà, àwọn ènìyàn kò jẹ́ kí ìrántí lọ.

Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ti Ìbàdàn. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba ni, kí ó tó di ẹgbẹ́ ìlú. WNDC, ilé iṣẹ́ ìdàgbàsókè Ìwọ̀-oòrùn Nàìjíríà, ni wọ́n kọ́kọ́ fi ń pè é, orúkọ yìí ni ó sì fi gba Ife Challenge ti Nàìjíríà ní ọdún 1971. Nígbà tí ó bọ́ sọ́wọ́ Industrial Investment and Credit Corporation, ó di IICC Shooting Stars. Lẹ́yìn náà ni lẹ́tà ilé iṣẹ́ náà kúrò, tí ó di Shooting Stars Sports Club, tí a ń ké ní 3SC.

Gbogbo ìyípadà wọ̀nyí, orí ìwé ni wọ́n ti ṣẹlẹ̀. Lẹ́nu ará ọjà, awakọ̀ àti oníṣẹ́ ọwọ́, orúkọ kan ni ẹgbẹ́ náà ń jẹ́. Ahọ́n Ìbàdàn, tí kì í fi bẹ́ẹ̀ ya «ṣ» sọ́tọ̀ lára «s», sọ Shooting di «Sútìn». Wọ́n sì fi oríkì kún un: Jagunjagun Olúyọ̀lé. Ìbàdàn bẹ̀rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ibùdó ogun ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, Baṣọ̀run Olúyọ̀lé sì wà lára àwọn tí ó sọ ọ́ di ìlú ńlá. Nípa bẹ́ẹ̀, orúkọ àjèjì tí àwọn akọ̀wé fi lélẹ̀ rí ilé sí nínú ìtàn ìlú. Ìgbà yẹn ni ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ di ẹgbẹ́ Ìbàdàn ní tòótọ́.

Ìjọba Ìwọ̀-oòrùn ti pèsè pápá sílẹ̀ dè wọ́n. Ní ọdún 1960, ọdún òmìnira, ni wọ́n ṣí Liberty Stadium, tí a wá sọ lórúkọ Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ní ọdún 2010. Pápá kejì, èyí tí ó wà ní Adamáṣingbà, ń jẹ́ orúkọ Olóyè Lekan Salami, ẹni tí ó fi ara àti owó sin ẹgbẹ́ náà.

Ọdún 1976 àti ohun tí ó tẹ̀ lé e

A kò lè lóye ògo ọdún 1976 bí a kò bá rántí ogun abẹ́lé Nàìjíríà, tí ó parí ní oṣù Kìíní ọdún 1970. Ọdún yẹn náà ni wọ́n dá Rangers sílẹ̀ ní Enugu. Fún àwọn Ígbò tí ogun ti fọ́ ilé àti ọ̀nà wọn, pápá bọ́ọ̀lù di ibi tí wọ́n ti lè gbérí láìgbé ìbọn. Nígbà tí Rangers bá wá pàdé Shooting Stars, kì í ṣe ayò lásán ni gbogbo orílẹ̀-èdè ń wò.

Ní ọdún 1976, Shooting Stars gba líìgì Nàìjíríà. Ní ọdún kan náà, ó dé àṣekágbá ìdíje Áfíríkà fún àwọn ẹgbẹ́ tí ó gba ife orílẹ̀-èdè wọn. Tonnerre ti Yaoundé, tí ó gba ife náà ní ọdún tí ó ṣáájú, ni ó kò lójú. Shooting Stars nà án ní 4–1 nílé. Ó pàdánù ní 0–1 ní Kàmẹrúùnù. Àròpọ̀ rẹ̀ jẹ́ 4–2. Kò sí ẹgbẹ́ Nàìjíríà kankan tí ó gba ife Áfíríkà rí ṣáájú ọjọ́ náà.

Ta ni àwọn tí ó ṣe é? Segun Odegbami, ọmọ tí wọ́n bí ní Abẹ́òkúta tí ó dàgbà ní Jos, kẹ́kọ̀ọ́ ìmọ̀ ẹ̀rọ ní Pólì Ìbàdàn. «Mathematical» ni wọ́n ń pè é nítorí bí ó ti ń ṣírò ẹsẹ̀ rẹ̀. Muda Lawal, ọmọ Abẹ́òkúta bákan náà, iṣẹ́ mẹkáníìkì ni ó ń ṣe kí bọ́ọ̀lù tó gbé e ga. Best Ogedegbe ni aṣọ́lé. Joe Appiah wá láti Gánà. Ẹ kíyè sí i: ẹgbẹ́ tí ń jẹ́ Jagunjagun Olúyọ̀lé kò béèrè ibi tí wọ́n ti bí ènìyàn kí ó tó gbà á. Ìlú fúnra rẹ̀ kò yàtọ̀, nítorí oríṣiríṣi ọmọ Yorùbá tí ogun lé kúrò nílé ni ó kó ara wọn jọ tí Ìbàdàn fi di Ìbàdàn.

Ní ọdún 1977, Rangers àti Shooting Stars pàdé ní ìpele tí ó ṣáájú àṣekágbá ìdíje kan náà. Ayò méjèèjì parí láìsí góòlù. Pẹnátì ni Rangers fi borí, ó sì gba ife náà. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn èyí, ní ọjọ́ 22 oṣù Kẹta ọdún 1980, Nàìjíríà na Àlùjéríà ní 3–0 ní Èkó, ó sì gba Ife Áfíríkà fún ìgbà àkọ́kọ́. Christian Chukwu ti Rangers ni balógun. Odegbami gbá méjì sáwọ̀n, Lawal gbá ọ̀kan, Ogedegbe sì ṣọ́lé. Gbogbo góòlù ọjọ́ náà, ẹsẹ̀ ọmọ Sútìn ni ó ti wá, ṣùgbọ́n ọwọ́ ọmọ Rangers ni ó gbé ife náà sókè. Àwọn tí ó ti ń fi ìhà kọ ìhà ní pápá wọ ẹ̀wù kan ṣoṣo.

Ìràwọ̀ náà tún tàn lẹ́yìn èyí. Ní ọdún 1984, pẹ̀lú Rashidi Yekini tí ó ṣì jẹ́ ọ̀dọ́, ó dé àṣekágbá ìdíje àwọn aṣáájú líìgì Áfíríkà, ṣùgbọ́n Zamalek ti Íjíbítì borí. Ní ọdún 1992, òun ni ẹgbẹ́ àkọ́kọ́ tí ó gba Ife CAF, ife tí a fi orúkọ Moshood Abíọ́lá sọ. Villa ti Ùgáńdà ni ó nà ní 3–0 ní Ìbàdàn lẹ́yìn 0–0 ní Kampala. Ní ọdún 1996, Zamalek náà ló tún dènà: 2–1 ní Ìbàdàn, 1–2 ní Cairo, pẹnátì 5–4. Ọdún 1998 ni ó gba líìgì kẹ́yìn. Ní ọdún 2017, ó já sí ìpele kejì. Ọdún 2021 ni ó tó padà.

Kí ló fà á? Ìjọba ni ó bí ẹgbẹ́ náà, ọwọ́ ìjọba ni ó sì wà títí di òní. Owó oṣù agbábọ́ọ̀lù ń ti àpò ìpínlẹ̀ wá, gómìnà ni ó ń yan àwọn alákòóso. Ará ìlú ni ó ni orúkọ, oríkì àti omijé. Wọn kò ní kọ́kọ́rọ́ ilé. Ohun tí ènìyàn fẹ́ràn tí kò sì ní àṣẹ lórí rẹ̀, ìgbàkígbà ni ó lè bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́.

Ìràwọ̀ ti Lomé

Ṣáájú kí Ìbàdàn tó gba ife rẹ̀, Lomé ti fẹ́rẹ̀ẹ́ gba èyí tí ó ga jù. Étoile Filante gba líìgì Tógò léraléra láàárín ọdún 1961 sí 1968, ó sì dé àṣekágbá ìdíje àwọn aṣáájú líìgì Áfíríkà ti ọdún 1968, tí wọ́n gbá ní oṣù Kẹta ọdún 1969. TP Englebert ti Lubumbashi ni ó bá pàdé, ẹgbẹ́ tí a mọ̀ sí TP Mazembe lónìí. Ní Kinshasa, wọ́n na Étoile Filante ní 5–0. Ẹlòmíràn ì bá ti gba kádàrá. Ní Lomé níbí, Étoile Filante dá a padà ní 4–1. Àròpọ̀ jẹ́ 6–4. Ife náà lọ, iyì kò lọ. Agaza náà dé àṣekágbá ìdíje àwọn tí ó gba ife ní ọdún 1983. Étoile Filante wá dúró títí di ọdún 1992 kí ó tó tún gba líìgì.

Àwa ọmọ Yorùbá tí ń gbé Lomé ní ìdí pàtàkì láti ka ìtàn yìí sí tiwa. Emmanuel Adebayor, tí àwọn òbí Yorùbá láti Nàìjíríà bí sí Lomé ní ọdún 1984, kọ́ bọ́ọ̀lù níbí kí ó tó lọ sí Metz, Monaco àti Arsenal. Góòlù 11 ni ó gbá nínú ìdíje tí ó gbé Tógò lọ sí Ife Àgbáyé ọdún 2006, ìgbà àkọ́kọ́ irú rẹ̀, ní ọdún tí Nàìjíríà kò lọ. Ní ọdún 2008, wọ́n yàn án ní agbábọ́ọ̀lù tí ó dára jù lọ ní Áfíríkà. Orúkọ rẹ̀ jẹ́ Adébáyọ̀ tí akọ̀wé Faransé fi «r» sí lẹ́yìn. Ẹ̀wù rẹ̀ jẹ́ ti Tógò. Bí Joe Appiah ti jẹ́ ti Ìbàdàn, bẹ́ẹ̀ ni òun jẹ́ ti Lomé.

Lónìí, ọ̀dọ́ tí ó lè ka orúkọ mọ́kànlá tí Arsenal fi bẹ̀rẹ̀ ayò ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá lè má mọ̀ pé ìlú rẹ̀ fi góòlù mẹ́rin dá TP Englebert lóhùn. Kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀. Kò sí ẹni tí ó sọ fún un. Arsenal ní ìwé, fíìmù àti ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé. Púpọ̀ nínú ohun tí ìràwọ̀ tiwa ní wà lórí ahọ́n àwọn àgbà, ẹni tí ó sì jẹ́ ọmọ ọdún 15 ní pápá lọ́jọ́ náà ti lé ní 70. Nítorí náà, iṣẹ́ kan wà fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ inú ẹgbẹ́ wa: kí ẹnì kọ̀ọ̀kan wá bàbá tàbí ìyá kan tí ó rí ayò oṣù Kẹta ọdún 1969, tàbí tí ó gbọ́ ti ọdún 1976 lórí rédíò, kí ó gba ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀ ní èdè tí ó bá fi sọ ọ́, kí a sì tẹ̀ ẹ́ jáde nínú ìwé ìròyìn yìí ní Yorùbá àti ní Faransé. Kọ́kọ́rọ́ ilé ẹgbẹ́ lè má sí lọ́wọ́ wa. Kọ́kọ́rọ́ ìtàn rẹ̀ wà níbẹ̀.