Láti Alágoméjì dé Ìtòkú

Aago 6:45 àárọ̀

Ibùdókọ̀ Mobọ́lájí Johnson ní Alágoméjì fẹ̀ débi pé àwa èrò àárọ̀ kò kún ìdajì rẹ̀. Wọ́n ti àpò wa gba inú ẹ̀rọ bí ìgbà tí èèyàn fẹ́ wọ bàálù, wọ́n sì ń fi orúkọ ara tíkẹ́ẹ̀tì wé ti ara káàdì ìdánimọ̀. Afinimọ̀nà wa ti débẹ̀ ṣáájú, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó dé fìlà àdìrẹ, tó ń pín bébà tó kọ ètò ọjọ́ wa ní Abẹ́òkúta sí: Olúmọ, wákàtí méjì, Aké, ogún ìṣẹ́jú, ṣọ́ọ̀ṣì, ogún ìṣẹ́jú, oúnjẹ, Ìtòkú, “bí àyè bá wà.”

Màmá kan wà láàárín wa tó ti lé ní àádọ́rin ọdún, tó jẹ́ pé ọjà Balógun ló ti ta aṣọ dàgbà. Kí ọkọ̀ tó gbéra ni gbogbo wa ti ń pè é ní Ìyá Ẹ̀gbá, nítorí ó ti sọ fún ẹni tó béèrè àti ẹni tí kò béèrè pé ọmọ Kémta ní Abẹ́òkúta lòun. Ó na bébà náà jìnnà sí ojú, ó kà á tán.

“Ogún ìṣẹ́jú ní Aké? Ọmọ mi, ṣé a kàn fẹ́ lọ tọ̀ níbẹ̀ ni?”

Ọmọkùnrin náà rẹ́rìn-ín. “Ẹ má bínú, Mà. Olúmọ làwọn èèyàn máa ń fẹ́ rí.”

Kò parọ́. Ohun tó ń bí mi nínú nípa irú ìrìnàjò báyìí náà nìyẹn: àpáta ni wọ́n ń tà fún wa, bẹ́ẹ̀ ìlú la wọkọ̀ lọ wò.

Aago 8:00

Ọkọ̀ gbéra lásìkò. Kìlómítà 157 ni ojú irin yìí láti Èkó dé Ìbàdàn, oṣù kẹfà ọdún 2021 ni wọ́n sì ṣí i. Irin àtijọ́ tí àwọn òyìnbó bẹ̀rẹ̀ ní 1896, tó dé Ìbàdàn ní ìparí ọdún 1900, ṣì ń bá a rìn ní ibi púpọ̀. Tọ̀hún ni ó há jù: mìlímítà 1,067 ló wà láàárín irin rẹ̀ méjèèjì, ti tuntun jẹ́ 1,435. Àwọn àgbà inú ọkọ̀ kò ka ìyẹn sí. Rélùwéè ni wọ́n ń pe méjèèjì.

Láti Yábàá dé Ìkẹjà, ẹ̀yìnkùlé onílé là ń wò: aṣọ tí wọ́n sá, jẹnẹrétọ̀, ẹni tó ń fọ ẹnu tó tẹjú mọ́ wa. Lẹ́yìn Agbádó ni oko ẹ̀gẹ́ àti igi ọ̀pẹ bẹ̀rẹ̀ sí í yọ.

Orúkọ èèyàn ni wọ́n fi sọ àwọn ibùdókọ̀ ojú irin yìí. Fáṣọlá ló ni ti Agége, Jákàńdè ló ni ti Agbádó, Ọ̀ṣínbàjò ló ni ti Kájọlà, Awólọ́wọ̀ ló ni ti Mọníyà n’Íbàdàn. Mẹ́wàá ni gbogbo wọn. Obìnrin kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀, Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kútì, Papalantó ni wọ́n sì fún un. Nígbà tí a débẹ̀, Ìyá Ẹ̀gbá fi ìka gbá gíláàsì fèrèsé.

“Kí ló wá ṣe ní Papalantó?” Ó yíjú sí afinimọ̀nà. “Ta ni wọ́n wá fún ní ti Abẹ́òkúta?”

“Wọlé Ṣóyínká ni, Mà.”

“Ìyẹn náà dáa. Ìyá ẹ̀ wà níbẹ̀ lọ́jọ́ náà.”

Kò ṣàlàyé ọjọ́ wo. Ó yọ búrẹ́dì jáde nínú báàgì, ó ń jẹ ẹ́.

Aago 9:20

Ládérin ni a sọ̀ sí, ẹ̀yìn ìlú. Ojú irin àtijọ́ gba Lafẹ́nwá kọjá láàárín ìlú. Tuntun yìí kò wọlé, ó fi yín sílẹ̀ kí ẹ wá mọ́tò. Afinimọ̀nà ti háyà bọ́ọ̀sì kan sílẹ̀. Ẹni tó bá dá wá yóò bá àwọn onítakisí àti ọlọ́kadà ná an lórí owó, kó sì múra ọ̀rọ̀ sílẹ̀, torí wọ́n mọ ìgbà tí ọkọ̀ Èkó ń dé.

Aago 10:05

Olúmọ. Ẹ̀rọ tó ń gbéni ròkè wà níbẹ̀ láti ìgbà àtúnṣe 2006, ṣùgbọ́n àwọn ọ̀dọ́ inú wa gba orí àtẹ̀gùn, wọ́n ń ya fọ́tò ní ìgbésẹ̀ kọ̀ọ̀kan. Ọmọkùnrin wa mọ iṣẹ́ rẹ̀, n kò ní fi ìyẹn dù ú. Ó sọ bí ogun ṣe tú àwọn ìlú inú igbó Ẹ̀gbá ká, bí wọ́n ṣe ń gbé káàkiri agbègbè Ìbàdàn láìsí ìfọ̀kànbalẹ̀, títí Ṣódẹkẹ́ fi kó wọn wá sábẹ́ àpáta yìí ní 1830. Aké, Òkè-Ọnà àti Gbágùrá dé, lẹ́yìn náà ni àwọn Òwu wá bá wọn. Ó sọ ti Lísàbí pẹ̀lú, tó ti gba Ẹ̀gbá lọ́wọ́ Ọ̀yọ́ ṣáájú gbogbo èyí.

Ní inú ihò àpáta tí àwọn èèyàn sá sí, ó tọ́ka sí àwọn kòtò kéékèèké tó wà nílẹ̀. “Ibí ni wọ́n ti ń lọ nǹkan oúnjẹ,” ó ní, ó sì ti ń kó wa jáde. Èmi dúró. Gbogbo ìtàn tí a ti gbọ́ láti ìsàlẹ̀, ti jagunjagun ni. Kò sí ohun tí àwọn jagunjagun yẹn fi sílẹ̀ nínú ihò náà tí ojú lè rí. Ọwọ́ obìnrin ló gbẹ́ àpáta, ọjọ́ dé ọjọ́, nítorí àtijẹ àwọn tó sá pamọ́.

Lókè pátápátá, òrùlé páànù tó ti pupa ni ó bo ìlú títí ojú fi rí odò Ògùn. Afinimọ̀nà nawọ́ sí apá Àró, níbi tí ogun Dàhòmì gbà wá ní ọjọ́ kẹta oṣù kẹta ọdún 1851, lábẹ́ ọba Ghezo. Àwọn obìnrin wà nínú ọmọ ogun tó wá. Ìtàn tí wọ́n máa ń sọ ni pé ìgbà tí àwọn Ẹ̀gbá mọ̀ pé obìnrin ni wọ́n ń bá jà ni inú bí wọn jù. Wọ́n lé wọn. Ní 1864, Dàhòmì tún wá, wọ́n tún lé wọn.

“Ta ló fún wọn ní ẹ̀tù tí wọ́n fi lé wọn?” Ìyá Ẹ̀gbá ló béèrè, láti orí ìjókòó níbi tí ó ti ń sinmi.

Ọmọkùnrin náà mọ̀ ọ́n. Kò kàn tíì dé ibẹ̀ ni.

Aago 12:00 ọ̀sán

Bọ́ọ̀sì gba Ìta Ìyálóde kọjá, a sì rí ère Ẹfúnróyè Tinúubú láti ojú fèrèsé. Oníṣòwò ńlá ni. Ó ta tábà, ó ta iyọ̀, ó ta ìbọn, ó sì ta èèyàn pẹ̀lú. Àwọn tó ń yìn ín kì í fẹ́ fi ti ìkẹyìn yẹn kún un. Kọ́ńsù òyìnbó lé e kúrò ní Èkó ní 1856, ó padà sílé, ó ń pèsè ohun ìjà fún àwọn Ẹ̀gbá. Lẹ́yìn ogun 1864 ni wọ́n fi í jẹ Ìyálóde. Ó kú ní 1887. Bọ́ọ̀sì kò dúró.

Aago 12:15

Aké. Ogún ìṣẹ́jú tí wọ́n kọ sí bébà di wákàtí kan àti díẹ̀, torí Ìyá Ẹ̀gbá jókòó síta, nínú òjìji ògiri ààfin, ó ní kí afinimọ̀nà sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ níbẹ̀ fún wa, bí kò bá sì sọ ọ́, òun ó sọ ọ́. Àwọn méjèèjì ló jọ sọ ọ́.

Láti 1918 ni ìjọba ti ń gba owó orí lọ́wọ́ obìnrin ní Abẹ́òkúta, lọ́tọ̀ sí ti ọkọ. Tí ọmọbìnrin bá ti pé ọdún 15, ó ti di asanwó. Nígbà ogun Hitler, wọ́n tún ń gba ìrẹsì lọ́wọ́ àwọn tó ń tà á lọ́jà. Aláké Ládàpọ̀ Adémọ́lá Kejì ni òyìnbó gbé gbogbo àṣẹ lé lọ́wọ́, kò sì sí obìnrin kankan nínú ìgbìmọ̀ tó ń ṣe òfin. Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kútì, tó jẹ́ ọ̀gá ilé ìwé, ti kó àwọn obìnrin tó mọ̀wé jọ sínú ẹgbẹ́ kan. Ìgbà tí àwọn ìyá ọjà wọlé tán ni ẹgbẹ́ náà wá di agbára. Ó ń bá wọn sọ Yorùbá, ìró àti bùbá ló sì ń wọ̀ káàkiri.

Wọ́n tọrọ àyè láti wọ́de, ìjọba kọ̀. Wọ́n ní ó dáa, píkíníìkì làwọn ń lọ ṣe. Ní ìparí 1947, ẹgbẹẹgbẹ̀rún wọn ṣe píkíníìkì náà síwájú ààfin yìí mọ́jú. Wọ́n ń fi orin bú ọba. Ransome-Kútì ti kọ́ wọn bí wọ́n ṣe máa bo ojú bí àwọn ọlọ́pàá bá ju tíágáàsì, kí wọ́n sì gbé agolo rẹ̀ jù padà. Grace Ẹniọlá Ṣóyínká, ìyá Wọlé, wà lára àwọn tó ṣíwájú. Wọlé fúnra rẹ̀, ọmọ ọdún 13 nígbà náà, fi ìtàn náà sínú ìwé rẹ̀ *Aké* lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún.

Aláké kúrò nílùú ní 1948. Ní oṣù kìíní 1949, ó fi orí oyè sílẹ̀, wọ́n sì fagi lé owó orí àwọn obìnrin.

“Ó sì padà,” ni Ìyá Ẹ̀gbá wí. “Ẹ má gbàgbé ìyẹn. Ìparí 1950, ó padà sórí oyè, ó wà níbẹ̀ títí ó fi kú.”

Ọ̀kan nínú àwọn ọ̀dọ́ béèrè bóyá ère tàbí àkọlé kan wà ní iwájú ààfin tó sọ èyí. A wò yíká. A kò rí i.

Aago 1:30

Ṣọ́ọ̀ṣì Pétérù Mímọ́, Aké, kíákíá. Ìlú yìí ni Henry Townsend ti tẹ *Ìwé Ìròyìn* jáde ní 1859, ìwé ìròyìn àkọ́kọ́ ní èdè Yorùbá. Ìwé ìròyìn náà kú pẹ̀lú Ìfọ́lé, ní 1867, nígbà tí àwọn Ẹ̀gbá lé àwọn òyìnbó jáde. Ibẹ̀ tutù, àwọn kan nínú wa ti ń tòògbé.

Aago 2:00

Láfún, ewédú, ẹja. Ẹni tó béèrè ìrẹsì di ẹni tí wọ́n ń wò.

Aago 2:45

Ìtòkú, tí bébà ní “bí àyè bá wà.” Àyè ti fẹ́ tán, ibẹ̀ ló sì yẹ ká ti bẹ̀rẹ̀. Aṣọ rọ̀ láti òkè dé ilẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù, ohùn ọlọ́jà kò sì jẹ́ kí a gbọ́ ti afinimọ̀nà mọ́.

Láfún tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ jẹ tán náà ni wọ́n fi ń ṣe àdìrẹ ẹlẹ́kọ. Wọ́n á sè é, á ki, wọ́n á fi ìyẹ́ adìyẹ kọ ọnà pẹ̀lú rẹ̀ sára aṣọ funfun. Ibi tí ẹ̀kọ náà bá bò, aró kò ní mú un. Ti oníko, okùn ìko ni wọ́n fi ń dì í. Ti alábẹ́rẹ́, rírán. Tẹ́lẹ̀, èlú nìkan ni aró. Ó ń gba ọjọ́ púpọ̀ nínú ìkòkò. Nígbà tí aró òyìnbó àti sódà dé, iṣẹ́ yá, àwọn oníṣòwò sì ń ti Sẹ̀nẹ̀gàl wá ra aṣọ Abẹ́òkúta. Aláké Adémọ́lá yìí kan náà fòfin de aró òyìnbó àti sódà yìí, wọ́n ní ó ń ba aṣọ jẹ́. Àwọn aláró kò gbà. Wọ́n ta kò ó débi tí ìjọba fi gbé ìgbìmọ̀ ìwádìí kalẹ̀ ní 1936. Ọdún mọ́kànlá ṣáájú ìjà owó orí nìyẹn, àwọn tó jà ní Aké kò sì ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ bí a ṣe ń kọ̀ fún ọba.

Ní báyìí, àbẹ́là yíyọ́ ni ọ̀pọ̀ wọn fi ń ṣe ọnà, èyí tí à ń pè ní kàm̀pálà. Wàhálà tuntun wọn ni aṣọ tí wọ́n tẹ ọnà àdìrẹ sí ní iléeṣẹ́ òkè òkun, tó pọ̀ lọ súà, tí owó rẹ̀ kéré. Obìnrin aláró kan fi bí a ṣe ń mọ̀ ọ́n hàn wá: aró máa ń wọnú aṣọ já sí ẹ̀yìn, títẹ̀ kì í já. Àwọ̀ dúdú ti mú èékánná rẹ̀ débi pé ọṣẹ ò lè ṣe é mọ́. Ó sọ iye ọ̀pá márùn-ún fún mi, Ìyá Ẹ̀gbá fà mí lápá sẹ́yìn, ó bá a ná an, ó dín ìdá mẹ́ta kúrò. Ojú tì mí láti san iye yẹn, mo sì san án.

Aago 5:10 ìrọ̀lẹ́

Ọkọ̀ tó ń ti Ìbàdàn bọ̀ ni a tún wọ̀ ní Ládérin. Afinimọ̀nà jókòó ti Ìyá Ẹ̀gbá, ó ń fi bírò kọ nǹkan sẹ́yìn bébà ètò rẹ̀. Mo yọjú wò ó: ó ti gbé Ìtòkú sí òkè, ó fún Aké ní wákàtí kan. Ó wá fi ẹnu bírò kan Olúmọ, kò tíì pinnu iye tó máa fún un.

Lẹ́yìn Kájọlà, ọkùnrin kan láàárín wa tú aṣọ tó rà ní owó pọ́ọ́kú, ó gbé e fún Ìyá Ẹ̀gbá kó bá òun wò ó. Màmá kò tilẹ̀ wo iwájú rẹ̀. Ó yí i padà: ẹ̀yìn rẹ̀ funfun báláú.

“Kí ni kí n wá fi ṣe, Mà?”

“Fi rán àpò ìrọ̀rí,” ó ní. “Ẹ̀yìn ẹ̀ ò ní hàn.”