Ajá Tí Yóò Ké Lọ́sàn-án Gangan: Bí Àwọn Atukọ̀ Ṣe Wá Àkókò Kiri Lójú Òkun

Ẹni tí ń rìn nínú igbó rí igi tí yóò sá ládàá fi ṣe àmì, ẹni tí ń rìn ní ọ̀dàn rí òkè tí yóò máa wò lókèèrè, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá gbé ọkọ̀ sórí òkun, alagbalúgbú omi tí kò ní ojú ọ̀nà tí kò sì ní oríta, kò ní ohun mìíràn láti bi léèrè ju oòrùn ọ̀sán àti ìràwọ̀ òru lọ. Àwọn méjèèjì a sì máa fi ìdajì ọ̀rọ̀ pamọ́ fún un. Bí oòrùn ti ga tó lọ́sàn-án yóò jẹ́ kí atukọ̀ mọ bí òun ti súnmọ́ àríwá tàbí gúúsù tó, ṣùgbọ́n bí ó ti jìnnà tó sí ìlà-oòrùn tàbí sí ìwọ̀-oòrùn, sánmọ̀ kò wí. Àwọn àgbà ní bí a kò bá mọ ibi tí à ń lọ, a óò mọ ibi tí a ti ń bọ̀. Inú òwe yìí gan-an ni ìdáhùn wà. Ayé a máa yí po lẹ́ẹ̀kan ní wákàtí 24, ìyẹn dígírì 15 ní wákàtí kan. Nítorí náà, bí ọ̀sán bá pọ́n gangan lórí ọkọ̀, tí atukọ̀ sì mọ̀ pé agogo mẹ́ta ti lù ní Lọ́ńdọ̀nù, ó di dandan pé ó ti lọ sí ìwọ̀-oòrùn ní dígírì 45. Ṣùgbọ́n ta ni yóò sọ iye tí agogo lù nílé fún ẹni tí ó wà láàárín agbami?

Ní 1687, ìwé pélébé kan jáde ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ó ní ajá ni yóò sọ ọ́. Láyé ìgbà náà, oògùn lẹ́búlẹ́bú kan wà tí Sir Kenelm Digby ti polongo rẹ̀, tí a kì í fi sójú ọgbẹ́ bí kò ṣe sára ọ̀bẹ tí ó ṣá ni, tàbí sára aṣọ tí a fi di ọgbẹ́ náà, tí ẹni tí ó gbọgbẹ́ yóò sì mọ̀ ọ́n lára bí ó tilẹ̀ wà ní òdìkejì ayé. Ìwé náà ní kí wọ́n ṣá ajá kan lọ́gbẹ́, kí wọ́n gbé e wọ ọkọ̀, kí wọ́n fi aṣọ ọgbẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù. Bí ọ̀sán bá pọ́n níbẹ̀, kí ẹni tí ó wà nílé ki aṣọ bọ inú oògùn, ajá yóò ké lójú òkun, ọ̀gá ọkọ̀ yóò sì mọ̀ pé ọ̀sán ti pọ́n nílé. Ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé gbà pé ẹ̀fẹ̀ ni òǹkọ̀wé náà ń ṣe. Èmi kò tètè rẹ́rìn-ín, nítorí àwa tí a gbọ́ nípa àpèta, tí a ń pe orúkọ ẹni nínú awo omi ní ìlú kan kí ó lè ké ní ìlú mìíràn, àwa tí a tún gbọ́ nípa kánàkò tí ń ká ọ̀nà jọ bí ẹní, kò yẹ kí á fi ọ̀ràn yìí ṣe ẹlẹ́yà púpọ̀.

Ẹ̀fẹ̀ kò tún sí mọ́ ní òru ọjọ́ 22 oṣù October 1707, nígbà tí ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì mẹ́rin, tí àwọn atukọ̀ wọn kò mọ ibi tí wọ́n wà mọ́, forí sọ àpáta ní erékùṣù Scilly, tí ẹgbẹ̀rún ènìyàn àti jù bẹ́ẹ̀ lọ sì bómi lọ pẹ̀lú ọ̀gágun wọn, Sir Cloudesley Shovell. Lẹ́yìn náà ni William Whiston àti Humphrey Ditton dìde, wọ́n ní kí á so ọkọ̀ mọ́lẹ̀ káàkiri ojú òkun, kí wọ́n máa yin ìbọn ńlá sókè ní ọ̀gànjọ́ òru, kí àwọn atukọ̀ tí ń kọjá fi iná àti ìró rẹ̀ mọ ibi tí wọ́n wà, bí ẹni pé okùn tí yóò kan ìsàlẹ̀ agbami wà lọ́jà. Ìmọ̀ràn náà kò wúlò, ariwo rẹ̀ wúlò: ní 1714 ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ṣe òfin pé ẹni tí ó bá rí ọ̀nà tí kò ní fi ju ìlàjì dígírì yẹ̀ yóò gba ọ̀kẹ́ kan pọ́n-ùn, èyíinì ni 20,000. Owó náà da orí ènìyàn rú tó bẹ́ẹ̀ tí ayàwòrán Hogarth, nínú àwòrán ilé wèrè tí ó tẹ̀ jáde ní 1735, fi ọkùnrin kan hàn tí ń wá ìdáhùn náà lára ògiri.

Ní 1735 náà ni John Harrison, gbẹ́nàgbẹ́nà ọmọ gbẹ́nàgbẹ́nà, parí agogo rẹ̀ àkọ́kọ́ fún ojú òkun. Ohun tí ó ń bá jà ni pé agogo tí ń fi irin gígùn mì lọ mì bọ̀ kò lè tọ́ nínú ọkọ̀ tí òun fúnra rẹ̀ ń mì. Irin a gùn sí i nínú ooru, òróró a sì ki nínú òtútù. Wọ́n ní ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́, Harrison sì fẹ̀sọ̀ mú un títí ó fi fẹ́rẹ̀ẹ́ sú àwọn tí ń wò ó: ó ṣe èkejì, ó tún lo ọdún 19 lórí ẹ̀kẹta, kí ó tó wá mọ̀ pé ohun ńlá kọ́ ni yóò yanjú ọ̀ràn náà. Ẹ̀kẹrin, tí ó parí ní 1759, dà bí agogo àpò tí ó sanra, fífẹ̀ rẹ̀ kò ju sẹ̀ǹtímítà 13 lọ.

William ọmọ rẹ̀ gbé e lọ sí Jàmáíkà ní November 1761. Lẹ́yìn ọjọ́ 81, tí wọ́n ti ṣírò ìlọ́ra rẹ̀ ojoojúmọ́ mọ́ ọn, ó fi nǹkan bí ìṣẹ́jú àáyá márùn-ún péré sẹ́yìn. N kò lè ka ibẹ̀ kí n má rántí àwọn ọmọ Áfíríkà tí wọ́n ń sìnrú nínú oko ìrèké erékùṣù náà, tí ẹnikẹ́ni kò ka wákàtí fún. Síbẹ̀, bí agogo náà ti tọ́ tó, ìgbìmọ̀ tí ń ṣọ́ owó ẹ̀bùn náà kò san án tán. Wọ́n tún rán agogo náà lọ sí Barbados. Wọ́n ní kí Harrison tú inú agogo hàn wọ́n. Nevil Maskelyne, tí ó gbà pé òṣùpá ni a óò fi mọ̀nà, sì jókòó láàárín àwọn adájọ́. Ìdajì owó ni wọ́n kọ́kọ́ san. Ọba George Kẹta fúnra rẹ̀ ní láti dán agogo karùn-ún wò ní 1772 kí ilé ìgbìmọ̀ tó san 8,750 pọ́n-ùn fún un lọ́dún kejì, nígbà tí ó ti di arúgbó ẹni ọgọ́rin ọdún. Ó kú ní 1776, ọdún kan lẹ́yìn tí Captain Cook ti gbé ẹ̀dà agogo kẹrin náà, tí Larcum Kendall rọ, káàkiri òkun gúúsù padà wálé.

Mẹ́rin àkọ́kọ́ nínú àwọn agogo náà ṣì wà ní Greenwich. Àwọn mẹ́ta àkọ́kọ́ tí kò gba ẹ̀bùn ṣì ń ṣiṣẹ́ níwájú àwọn olùwòran. Ẹ̀kẹrin ni wọ́n dá dúró, nítorí ó nílò òróró, a sì máa gbó bí ó bá ń rìn.