Láti Orí Ohùn Eégún dé Ohùn Àtọwọ́dá

Kí ẹ̀rọ tó dé ni Yorùbá ti mọ ohùn ènìyàn tí a yí padà. Ní Ìkìrun, Ìnísà àti Òkukù, eégún a máa ti inú ọ̀fun sọ̀rọ̀ bí ìjímèrè. A kì í dárúkọ ẹni tó gbé e. Ará ọ̀run ni olóhùn.

Nígbà tí àpótí rédíò dé Èkó ní 1935, tó sì dé Ìbàdàn ní 1939, ó ń sọ̀rọ̀, kò sì gba èsì. Wọ́n sọ ọ́ ní asọ̀rọ̀mágbèsì.

Agbóhùnsílẹ̀ ni Karin Barber fi gba oríkì sílẹ̀ lẹ́nu àwọn obìnrin Òkukù láàárín àwọn ọdún 1970, kí ìwé rẹ̀ tó jáde ní 1991. Ẹ̀rọ yìí ń pa ohùn mọ́ kódà lẹ́yìn ikú olóhùn.

Lónìí, kọ̀ǹpútà ń ṣe ẹ̀dà ohùn alààyè àti òkú, ó sì ń fèsì. Asọ̀rọ̀mágbèsì kò bá a mu mọ́. Ohùn àtọwọ́dá ló yẹ ẹ́. Eégún bo ojú lóòótọ́, ṣùgbọ́n ìlú mọ agbo ilé tó ti jáde. Bí ohùn àtọwọ́dá bá purọ́, agbo ilé wo ni a ó bi?