Rolf Zehetbauer, ẹni tó tún ìlú tí ogun wó kọ́

Bí a bá wo sinimá tán, orúkọ ta la máa ń rántí? Orúkọ àwọn òṣèré ni. Ṣùgbọ́n ta ló kọ́ ilé tí òṣèré jókòó sí? Ta ló la òpópónà tó ń rìn? Lónìí, ìtàn ọ̀kan nínú irú àwọn oníṣẹ́ bẹ́ẹ̀ la mú wá: Rolf Zehetbauer, ọmọ Jámánì.

Ìlú Munich ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1929. Ọmọ ọdún 16 ni nígbà tí ogun parí ní 1945. Bọ́ǹbù ti sọ púpọ̀ nínú àwọn ìlú ńlá Jámánì di àlàpà. Ilé iṣẹ́ sinimá Bavaria, tó wà lẹ́bàá Munich, ni ó ti ṣe àwọn iṣẹ́ tó sọ ọ́ di olókìkí.

Ní 1966, wọ́n ní kó ṣe ọkọ̀ tó ń rìn láàárín ìràwọ̀ fún eré tẹlifíṣọ̀n kan, Raumpatrouille. Owó kò pọ̀. Kí ló ṣe? Ó mú irin tí a fi ń lọ aṣọ àti ohun tí ọmọ ilé ìwé fi ń gbẹ́ pẹ́ńsù, ó tò wọ́n síbi tí awakọ̀ ti ń darí ọkọ̀ náà. Àwọn àgbà ní ọgbọ́n ju agbára lọ.

Lẹ́yìn náà ni Cabaret dé, sinimá tí Bob Fosse, ará Amẹ́ríkà, darí. Berlin ọdún 1931 ni ìtàn náà, kí Hitler tó gba ìjọba ní 1933. Berlin yẹn kò sí mọ́: ogun ti wó o, ògiri 1961 sì ti pín in sí méjì. Zehetbauer àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kọ́ ilé ijó rẹ̀ sí Munich. Ní òpin eré, dígí kan tó ń lọ́ ojú èèyàn po fi àwọn tó wá ṣe fàájì hàn: aṣọ Nazi ti wà lára wọn. Kò sẹ́ni tó ṣàlàyé. Dígí yẹn ló sọ ọ́. Ní 1973, iṣẹ́ yìí gba ẹ̀bùn Oscar fún òun, Jürgen Kiebach àti Herbert Strabel.

Ní 1977 ó kọ́ òpópónà Berlin ọdún 1923 fún Ingmar Bergman. Ó bá Fassbinder ṣiṣẹ́. Fún Das Boot, ní 1981, ó ṣe inú ọkọ̀ ogun abẹ́ omi tó há gádígádí, tó ń mì, tó ń fì, débi pé ẹni tó ń wò ó á fẹ́rẹ̀ẹ́ má lè mí.

Ní kíláàsì wa, ọmọ máa ń béèrè pé: «Mùsíọ̀, báwo la ṣe mọ̀ bí ìgbà yẹn ti rí?» Bí ibi tí nǹkan ti ṣẹlẹ̀ bá ti parẹ́, ó rọrùn láti purọ́ nípa rẹ̀, ó sì rọrùn jù láti dákẹ́. Ọ̀pọ̀ ará Jámánì ló dákẹ́ lẹ́yìn ogun. Pákó àti ọ̀dà lásán ni ohun tí Zehetbauer kọ́, ṣùgbọ́n ó mú kí wọ́n fojú rí ibi tí wọ́n ti gbà kọjá.

Ó kú ní oṣù kìíní ọdún 2022, lẹ́ni ọdún 92.

Ẹ̀yin ńkọ́? Sinimá wo lẹ wò tí ilé tàbí òpópónà inú rẹ̀ kò kúrò lọ́kàn yín? Ẹ bá wa sọ ọ́.