TOBI AMUSAN, ỌMỌ ÌJẸ̀BÚ-ÒDE

Àwa oníṣòwò Yorùbá tí a tẹ̀dó sí Ijala ní kí a sọ ìtàn ọmọbìnrin wa kan, nítorí àwọn ọmọbìnrin tó wà nílé wa.

Ìjẹ̀bú-Òde ni wọ́n bí Tobi Amusan sí ní 1997. Tíṣà ni bàbá àti ìyá rẹ̀. Eré mítà 100 tí àwọn obìnrin ń fo igi mẹ́wàá ló yàn. Ọmọ ọdún 18 ni nígbà tó gba góòlù Áfríkà ní Brazzaville ní 2015. Ní 2018 ó wá sí ìpínlẹ̀ Delta wa yìí, ó tún gba góòlù ní Asaba.

Lẹ́yìn náà ni ìdánwò dé. Ní Doha, 2019, ipò kẹrin ló ṣe. Ní Òlíńpíìkì Tokyo, 2021, ipò kẹrin náà ni. Ẹni tó ṣe kẹrin kì í gba àmì-ẹ̀yẹ bọ̀ wálé. Tobi kò torí rẹ̀ fi eré sílẹ̀. Ní July 24, 2022, ní Eugene, Amẹ́ríkà, ó fi ìṣẹ́jú-àáyá 12.12 sá a; obìnrin kan kò sá a bẹ́ẹ̀ rí láyé. Lọ́jọ́ náà gan-an ló gba góòlù àgbáyé, ọmọ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tó gbà á nínú eré sísá.

Àwa ọlọ́jà mọ̀ pé ọjọ́ tí ọjà kò tà kọ́ là ń palẹ̀ ìsọ̀ mọ́. Ẹ má ṣe so gbogbo ọmọbìnrin mọ́ ìdí ìsọ̀. Èyí tí ẹsẹ̀ rẹ̀ bá yá, ẹ jẹ́ kó sáré.

Ọlọ́run yóò gbé ẹgbẹ́ wa ga. Àmín.