Endgame Path of Exile: Ìdí tẹ́ ẹ fi ń kú lẹ́yìn Act 10, àti bẹ́ ẹ ṣe lè gòkè

Ìbéèrè méjì ló máa ń jáde lẹ́nu àwọn ọ̀dọ́ tó ń ṣe Path of Exile bí wọ́n bá ti parí Act 10. Àkọ́kọ́: "Mo ti pa Kitava, kí ló wá kù?" Ìkejì: "Kí ló dé tí mo kàn ń kú ṣáá?" Ìdáhùn àwọn méjèèjì so mọ́ra. Gbogbo ohun tẹ́ ẹ ṣe láti etíkun tẹ́ ẹ ti jí ní Act 1 títí dé Act 10, ìtàn ni. Ibi tí wọ́n ń pè ní endgame ni géèmù náà ti bẹ̀rẹ̀ gan-an, ohun tó sì ń mú èèyàn gòkè níbẹ̀ kì í ṣe ohun tó mú un la ìtàn já. Nínú ìtàn, ẹni tó bá lè tètè pa ọ̀tá ló ń yege. Nínú endgame, ẹni tí kì í tètè kú ni.

Path of Exile kìíní ni mò ń sọ o, kì í ṣe ìkejì tí wọ́n ṣí ilẹ̀kùn rẹ̀ ní oṣù Kejìlá 2024 kí iṣẹ́ tó parí lórí ẹ̀. Ilé-iṣẹ́ Grinding Gear Games ní ìlú Auckland, lórílẹ̀-èdè New Zealand, ló ṣe é, oṣù Kẹwàá 2013 ni wọ́n sì gbé e jáde ní pípé. Ọ̀fẹ́ ni. Aṣọ oge àti àpótí tí wọ́n ń kó ẹrù sí ni wọ́n fi ń pa owó, wọn kì í ta idà tó mú ju ti ẹlòmíì lọ. Nítorí náà, àkókò yín gan-an lẹ fi ń sanwó, ohun tó sì jẹ́ kí n kọ èyí nìyẹn. Mo ti rí ọmọ tó lo ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lójú kan náà, tó ń rò pé òun ò mọ géèmù ṣe, nígbà tó jẹ́ pé òrùka méjì ló yẹ kó pààrọ̀.

Ohun tí Kitava yọ lára yín

Ẹ̀ẹ̀mejì lẹ máa bá Kitava jà, ní ìparí Act 5 àti ní ìparí Act 10. Ẹ̀ẹ̀mejèèjì lẹ máa borí, ẹ̀ẹ̀mejèèjì náà ló sì máa yọ nǹkan lára yín: 30% resistance lákọ̀ọ́kọ́, 30% míì lẹ́ẹ̀kejì. Resistance ni agbára tí ara akọni yín fi ń kojú iná, òtútù, mànàmáná, àti oró tí wọ́n ń pè ní chaos. Ó di 60% lápapọ̀, kò sì ní padà mọ́. Ọ̀pọ̀ èèyàn kì í kíyè sí i, torí pé ayọ̀ ìṣẹ́gun ló gbà wọ́n lọ́kàn lásìkò yẹn.

Ibi tí resistance lè ga dé, àfi tẹ́ ẹ bá ní nǹkan pàtàkì tó sún òpin rẹ̀ sókè, ni 75%. Ẹ wá bá mi ṣírò. Bí ọ̀tá bá ju iná 100 lù yín, tí resistance iná yín jẹ́ 75%, 25 ló máa wọlé sára. Bó bá jẹ́ 60% lẹ ní, 40 ló máa wọlé. Lójú, 15 péré ló wà láàárín 75 àti 60. Lára, ìyà tẹ́ ẹ jẹ ti fi ìdajì àti jù bẹ́ẹ̀ lọ pọ̀ ju ti tẹ́lẹ̀. Bó bá jẹ́ òdo, gbogbo 100 ló máa wọlé, ìlọ́po mẹ́rin. Ẹni tí ìhámọ́ra rẹ̀ ò ní resistance kankan, tó wá jáde nínú Act 10 pẹ̀lú -60%, 160 ni tiẹ̀. Ọ̀tá tí ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń fi ṣeré ló ń fi ìkọlù kan ṣoṣo pa á.

Láti -60% dé 75%, 135 ni. Iná, òtútù àti mànàmáná, àwọn mẹ́ta yẹn jẹ́ 405. Díẹ̀ nínú ẹ̀ lè wá látorí igi passive, àmọ́ ara òrùka, bẹ́líìtì, bàtà, ìbọ̀wọ́, akoto àti aṣọ lẹ ti máa rí èyí tó pọ̀ jù. Ìdí nìyẹn tí òrùka kan tí kò fi nǹkan kan kún ìjà yín, àmọ́ tó ní resistance mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lára, fi lè ṣe yín láǹfààní ju idà tó ń dán lọ. Ilé tá a fi itọ́ mọ, ìrì ni yóò wó o.

Kí ẹ tó 75% wá jẹ́ ìbẹ̀rẹ̀. Resistance kì í gba èèyàn lọ́wọ́ ìlù lásán, ìyẹn ìkọlù tí kò ní iná tàbí òtútù nínú. Armour ló wà fún ìyẹn, àmọ́ ẹ mọ bó ṣe ń ṣiṣẹ́: ó máa ń dín ìkọlù kéékèèké kù gan-an, bí ìkọlù bá ṣe ń tóbi sí i ni agbára rẹ̀ ń dín kù. Ẹni tó kó armour jọ tí ẹ̀mí rẹ̀ sì kéré máa dúró láàárín ọ̀pọ̀ ọ̀tá bí ẹni tó wà nínú òjò winniwinni, ọ̀gá kan á wá fi òòlù kan ṣoṣo gbé e lọ. Ẹ̀mí tó pọ̀, tàbí energy shield tó pọ̀, kò ní arọ́pò.

Ìṣirò ìjà tí ọ̀pọ̀ ń ṣì

Mi ò sọ pé kẹ́ ẹ má lágbára o. Ohun tí mo rí ni pé àwọn èèyàn ń wá agbára níbi tí kò sí mọ́. Ọ̀rọ̀ méjì ló wà lára nǹkan nínú géèmù yìí tó jọra lójú ẹni tó ń kà á kíákíá: increased àti more. Gbogbo increased ni wọ́n máa ń rò pọ̀ kí wọ́n tó fi kún ìpìlẹ̀. More kọ̀ọ̀kan ń dá dúró, ó sì ń sọ gbogbo ohun tó bá nílẹ̀ di púpọ̀.

Ká ní ìpìlẹ̀ ìkọlù yín jẹ́ 100, tẹ́ ẹ sì ti kó increased 200% jọ. 300 lẹ ń fún ọ̀tá. Ẹ wá fi increased 50% míì kún un, ó di 350. Bó bá jẹ́ more 50% lẹ fi kún un, 450 ni. Nọ́ńbà kan náà, èrè wọn ò jọra rárá. Ara support gem tẹ́ ẹ so mọ́ skill yín ni more ti sábà máa ń wá, nítorí náà aṣọ tàbí ohun ìjà tí ihò rẹ̀ mẹ́fà so pọ̀ ló ń ṣe iṣẹ́ tí ogún ibùdó lórí igi passive ò lè ṣe. Ẹni tó ti ní increased tó pọ̀, tó ṣì ń rìn jìnnà lórí igi láti lọ mú 10% míì wá, á dáa kó fi àwọn point yẹn ra ẹ̀mí.

Máàpù àti Atlas

Lẹ́yìn Act 10, Kirac ló máa kó máàpù àkọ́kọ́ fún yín. Máàpù jẹ́ nǹkan tẹ́ ẹ máa fi sínú ẹ̀rọ, ilẹ̀kùn mẹ́fà á ṣí, ẹ̀ẹ̀mẹfà lẹ sì lè wọlé. Bẹ́ ẹ bá kú, ilẹ̀kùn kan lọ nìyẹn. Láti tier 1 ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀, wọ́n sì ń lọ dé tier 16: funfun dé 5, yẹ́lò dé 10, pupa láti 11 sókè. Ní ọdún 2024 ni wọ́n fi tier 17 kún un, àwọn tí ìhámọ́ra wọn ti lé kenkà ni ìyẹn wà fún.

Àwọn ọ̀rọ̀ tí wọ́n kọ sára máàpù, ẹ máa kà wọ́n. Tọkàntọkàn ni mo fi ń sọ ọ́. Bí orb ṣe lè sọ idà di alágbára náà ló ṣe lè sọ máàpù di líle, kí èrè ibẹ̀ lè pọ̀ sí i. Máàpù kan lè sọ pé ẹ̀mí yín ò ní máa padà bọ̀ sípò fúnra rẹ̀. Òmíràn lè fi Elemental Weakness gégùn-ún fún yín, kí resistance yín lè wálẹ̀. Ẹni tó ní 75% géérégé máa fara gbá a, àmọ́ ẹni tó kó 110% jọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé 75 nìkan ló hàn, àlékún yẹn ló máa gbà á. Òmíràn wá burú jùyẹn lọ: òpin 75 gan-an ló máa fà wálẹ̀. Ká ní ó fà á dé 65, àlékún ò ràn yín lọ́wọ́ níbẹ̀, 35 ni yóò máa wọlé dípò 25. Irú máàpù bẹ́ẹ̀, ẹ lo Chaos Orb kan fún un kí ọ̀rọ̀ ara rẹ̀ yí padà.

Bẹ́ ẹ bá ṣe ń parí máàpù tuntun bó ṣe yẹ lẹ máa ń gba point fún igi Atlas. Igi yìí yàtọ̀ sí ti akọni yín. Ayé tẹ́ ẹ ń rìn nínú rẹ̀ ló ń tún ṣe. Ẹ lè pinnu pé Essence àti Harvest lẹ fẹ́ máa rí, tàbí Expedition, tàbí Ritual. Ìmọ̀ràn mi ni pé kẹ́ ẹ mú ohun méjì péré tí akọni yín lè ṣe láìjanpata, kẹ́ ẹ sì fi gbogbo point tì wọ́n. Ẹni tó bá fi díẹ̀díẹ̀ kan gbogbo rẹ̀ kì í rí èrè gidi lára èyíkéyìí.

Ní oṣù Kejì 2022 ni wọ́n mú voidstone wọlé, mẹ́rin ni, òun ló sì ń gbé ipele máàpù yín sókè. Ẹ gbọ́dọ̀ gba ọ̀kọ̀ọ̀kan lọ́wọ́ ọ̀gá ńlá: Searing Exarch, Eater of Worlds, Maven, àti Elder tó ti di alágbára jù tẹ́lẹ̀, tí òun àti Shaper jọ ń ba yín jà. Exarch àti Eater ló yẹ kẹ́ ẹ kọ́kọ́ dojú kọ. Maven ní eré ìrántí kan tó máa ń ṣe fún yín láàárín ìjà, bẹ́ ẹ bá ṣì í, ikú ni, bó ti wù kí resistance yín pọ̀ tó. Ẹ kọ́kọ́ wo bí àwọn míì ṣe bá a jà kẹ́ ẹ tó wọlé.

Ikú, XP àti iná mànàmáná tiwa

Láti Act 1 dé Act 5, ikú kì í gba nǹkan kan lọ́wọ́ yín. Láti Act 6 dé 10, ó ń gba 5% XP ipele tẹ́ ẹ wà. Nínú endgame, 10% ni. Kò lè já yín wálẹ̀ kúrò ní ipele yín, àmọ́ lẹ́yìn ipele 90, 10% yẹn lè jẹ́ iṣẹ́ gbogbo alẹ́ kan. Ipele 100 ni òpin, ọ̀pọ̀ èèyàn ò sì débẹ̀ láéláé. Lójú tèmi, kò pọn dandan rárá. Akọni tó wà ní ipele 92, tí ìhámọ́ra rẹ̀ péye, lè kó voidstone mẹ́rẹ̀ẹ̀rin.

Ó kàn wá ní Nàìjíríà ju àwọn míì lọ. NEPA ò mọ̀ pé Maven wà níwájú yín. Bí nẹ́tíwọ́ọ̀kì yín bá ń fà, ẹ wọ inú ètò géèmù náà, ẹ wá ibi tí wọ́n kọ Networking Mode sí. Lockstep máa ń dúró de ìdáhùn server kó tó gbé ẹsẹ̀, ó dáa fún ẹni tí íńtánẹ́ẹ̀tì rẹ̀ já geere. Predictive kì í dúró, ó máa ń méfò ohun tó fẹ́ ṣẹlẹ̀, òun ló sì máa ń rọ ọ̀pọ̀ wa lọ́rùn. Ìṣòro rẹ̀ ni pé nígbà míì, ohun tẹ́ ẹ rí lójú kọ̀ǹpútà yín kọ́ ni server rí: ẹ lè rò pé ẹ ti sá kúrò kẹ́ ẹ sì bá ara yín nílẹ̀.

Ọ̀rọ̀ orb àti owó gidi

Orb ni owó ibẹ̀, iṣẹ́ sì wà lọ́wọ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Orb of Alchemy ń sọ nǹkan lásán di rare, Chaos Orb ń yí ọ̀rọ̀ ara rare padà, Divine Orb ń tún nọ́ńbà ara rẹ̀ ṣẹ́. Ní oṣù Keje 2024, líìgì Settlers of Kalguur mú Currency Exchange wọlé, ọjà tẹ́ ẹ ti lè fi orb pààrọ̀ orb láì bá ẹnikẹ́ni dúnàá-dúrà. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ̀, ẹ ta orb olówó ńlá tó bá kọ́kọ́ já bọ́ fún yín, kẹ́ ẹ fi ra resistance tó kù. Ẹ má tọ́jú rẹ̀ de ọjọ́ tẹ́ ẹ máa di ọlọ́rọ̀.

Àwọn kan wà tí wọ́n ń ta Divine Orb ní owó gidi. Òfin géèmù náà kà á léèwọ̀, wọ́n sì lè ti àkáǹtì yín pa, tàbí kí ẹni tó gba owó náà sá lọ, kò sì síbi tẹ́ ẹ máa fẹjọ́ sùn. Ohun tẹ́ ẹ fi owó yẹn rà kì í tiẹ̀ pẹ́. Bí oṣù mẹ́ta sí mẹ́rin ni líìgì kọ̀ọ̀kan sábà máa ń lò. Bó bá ti parí, akọni àti ẹrù yín á kọjá sí Standard, líìgì tuntun á ṣí, gbogbo èèyàn á sì tún jí létíkun Act 1 láìní nǹkan kan lọ́wọ́.